Ọwọ́ ta ni iṣẹ́ náà wà? Àyẹ̀wò iṣẹ́ Marina Abramović láti ibi tí òǹwòran jókòó sí

Tábìlì kan, àga méjì tí kò ní apá, iná ńláńlá tó tàn sí wọn, àti ìlà tí wọ́n fà sílẹ̀ láti fi pààlà. Ẹni tó bá wọ gbọ̀ngàn àárín mùsíọ́mù MoMA ní New York láàárín oṣù kẹta sí oṣù karùn-ún ọdún 2010, ohun tó máa bá níbẹ̀ kò ju ìyẹn lọ. Marina Abramović á ti wà lórí àga kan kí wọ́n tó ṣílẹ̀kùn fún èrò. Wọ́n á ti ìlẹ̀kùn tán kó tó dìde. Àga kejì, ẹni tó bá tò dé ibẹ̀ ló ni ín. Ẹ jókòó, ẹ wò ó lójú, òun náà á wò yín lójú. Ọ̀rọ̀ sísọ kò sí, ìfọwọ́kàn kò sí. Ìgbà tó bá wù yín lẹ máa dìde.

Performance art ni wọ́n ń pe irú nǹkan báyìí. Iṣẹ́ ọnà àfaraṣe la ó máa pè é níbí. Ara oníṣẹ́ ọnà ni bébà, ara rẹ̀ náà ni ọ̀dà. Belgrade, olú ìlú Serbia, ni wọ́n ti bí ìyá yìí lọ́dún 1946, ọ̀pọ̀ àwọn tó sì ń kọ̀wé nípa rẹ̀, ìyà tó fi jẹ ara rẹ̀ ni wọ́n máa ń kà bí ẹní ka owó: wákàtí mélòó, ọgbẹ́ mélòó, ọjọ́ mélòó láìjẹun. Kò burú, àmọ́ ẹni tó fẹ́ mọ̀ bóyá iṣẹ́ náà tó ohun tí èèyàn ń tò sí kò lè tibẹ̀ mọ̀ ọ́n. Ìbéèrè méjì ni òṣùwọ̀n tiwa: kí ni ó fi sí òǹwòran lọ́wọ́, ta ló sì lágbára láti dá a dúró? Ẹ fi ìbéèrè méjì yìí wọn iṣẹ́ bí àádọ́ta ọdún tó ti ṣe, ẹ ó rí i pé èyí tó léwu jù kọ́ ló dára jù.

Naples, ní Itálì, ló yẹ ká ti bẹ̀rẹ̀. Lọ́dún 1974, ní Studio Morra, ó to nǹkan 72 sórí tábìlì: òdòdó rósì, ìyẹ́ ẹyẹ, oyin, lọ́fíńdà, búrẹ́dì, èso àjàrà, wáìnì, sísọ́ọ̀sì, abẹ tí àwọn dókítà ń lò, ìṣó, ọ̀pá irin, ìbọn kan àti ọta kan ṣoṣo wà lára wọn. Ó kọ ọ́ sílẹ̀ pé ẹnikẹ́ni lè fi èyí tó bá wù ú ṣe òun bó ṣe wù ú, pé nǹkan ni òun náà, àti pé ohunkóhun tó bá ṣẹlẹ̀, ọrùn òun ló wà. Láti aago mẹ́jọ alẹ́ dé aago méjì òru. Rhythm 0 ni orúkọ iṣẹ́ náà.

Pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ ló bẹ̀rẹ̀. Wọ́n fún un ní òdòdó, wọ́n gbé apá rẹ̀ sókè, wọ́n fẹnu kò ó lẹ́nu. Nígbà tó yá, wọ́n gé aṣọ kúrò lára rẹ̀. Wọ́n fi abẹ ya á lọ́rùn. Wọ́n fi ẹ̀gún rósì gún un. Ẹnì kan ki ọta bọ ìbọn, ó sì nà án sí orí rẹ̀, ni àwọn òǹwòran kan bá kọlu ara wọn lórí ọ̀rọ̀ náà. Wákàtí mẹ́fà pé, ó bẹ̀rẹ̀ sí í rìn bọ̀ lọ́dọ̀ wọn bí èèyàn, wọ́n bá fẹsẹ̀ fẹ́ ẹ.

Ìwàásù tí wọ́n máa ń fi iṣẹ́ yìí ṣe ni pé ìkà lọmọ aráyé. Ó lè jẹ́ bẹ́ẹ̀, àmọ́ ẹ wo ètò rẹ̀ bí ẹni tó fẹ́ tún ẹ̀rọ ṣe á ṣe wò ó. Gbólóhùn tó ní ọrùn òun ni ohun gbogbo wà ló kọ́kọ́ ba nǹkan jẹ́, torí ó ti gba ìtìjú kúrò lára ẹni tó bá fẹ́ hùwà. Tábìlì náà ṣìkejì: ẹni tó bá ti rí ìyẹ́ àti ìbọn lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn ti mọ̀ pé àtẹ̀gùn ni, ó kù kí ẹnì kan gbé ẹsẹ̀ sókè. Kò tún sí ẹni tí wọ́n yàn láti sọ pé ó tó. Oníṣẹ́ ọnà ti pinnu pé òun kò ní sọ̀rọ̀, àwọn tó ni gálárì wà bí ẹni tí kò sí, ọ̀pọ̀ èrò sì lè yí i ká lẹ́ẹ̀kan náà. Lọ́dún 1964 tí Yoko Ono, oníṣẹ́ ọnà ọmọ Japan, ṣe Cut Piece ní Kyoto, sísọ́ọ̀sì kan péré ló gbé síwájú ara rẹ̀, ẹnì kan ló ń bọ́ sórí pèpéle lẹ́ẹ̀kan, á gé aṣọ díẹ̀, á kúrò. Ojú gbogbo èrò wà lára ẹni tó ń gé e. Ìyàtọ̀ ohun èlò kan sí méjìléláàádọ́rin, àti ti ẹnì kan sí ogunlọ́gọ̀, kọjá ìyàtọ̀ iye lásán.

Ọdún 1974 yẹn náà ló ṣe Rhythm 5 ní Belgrade. Ó fi igi ṣe ìràwọ̀ ńlá sílẹ̀, ó rọ epo bẹntiróòlù sí i, ó ṣáná sí i, ó gé èékánná àti irun rẹ̀ jù sínú iná, ó sì dùbúlẹ̀ sí àárín. Iná ń jẹ afẹ́fẹ́ tó yẹ kó mí. Ó dákú, kò sì sẹ́ni tó fura, torí ẹni tó dùbúlẹ̀ jẹ́ẹ́ àti ẹni tó dákú, bákan náà ni wọ́n rí. Ìgbà tí iná kàn án lẹ́sẹ̀ tí kò mira ni wọ́n tó mọ̀, wọ́n sì fà á jáde. Àbùkù ibẹ̀ hàn kedere: òǹwòran tí wọn kò fún níṣẹ́ kan kò mọ ìgbà tó yẹ kó dá sí i. Gbogbo ẹni tó bá ń ṣe irú iṣẹ́ yìí lónìí ló yẹ kó yan ẹnì kan tí iṣẹ́ rẹ̀ kò ju kó máa ka iye ìgbà tí àyà oníṣẹ́ ọnà náà ń lọ sókè sódò.

Nígbà tí òun àti Ulay, ọmọ Jámánì, ń ṣiṣẹ́ pọ̀ ni ọgbọ́n tuntun dé. Imponderabilia, ní Bologna lọ́dún 1977, nínú gbogbo iṣẹ́ wọn ló wù wá jù. Àwọn méjèèjì dúró ní ìhòòhò sí ẹ̀gbẹ́ méjì ẹnu ọ̀nà mùsíọ́mù, wọ́n kọjú síra wọn, àyè tó wà láàárín wọn kò gba èèyàn àfi tó bá fẹ̀gbẹ́ wọlé. Ẹni tó bá fẹ́ wọlé ní láti yan ẹni tó máa kọjú sí. Kò sí ìwé àlàyé tí èèyàn gbọ́dọ̀ kà, kò sí sùúrù tí wọ́n ń béèrè. Ìṣẹ́jú àáyá méjì sí mẹ́ta ni, ó parí, ẹ sì ti ṣe ìpinnu kan tí ẹ kò rò tẹ́lẹ̀. Ẹ wo bí àwọn èèyàn ṣe ń kọjá nínú fídíò rẹ̀: ojú wọn kì í sí lára ẹni tí wọ́n kọjú sí, iwájú ni wọ́n ń wò, bí ẹni tó ń wá nǹkan nínú yàrá kejì. Wákàtí mẹ́fà ni wọ́n pète, nǹkan bíi wákàtí kan ààbọ̀ ni ọlọ́pàá fi dá a dúró.

Nígbà tí MoMA tún un ṣe ní 2010 pẹ̀lú àwọn òṣèré tí wọ́n kọ́, ọ̀nà mìíràn wà tí ẹni tí kò bá fẹ́ lè gbà wọlé. Ó bójú mu, òfin ilé èrò sì lè béèrè rẹ̀, àmọ́ iṣẹ́ mìíràn ló dà. Ní Bologna, ẹnu ọ̀nà ló ń bi yín ní ìbéèrè. Ní New York, ẹ̀yin lẹ lọ bá ìbéèrè nílé. Àwọn tó lọ bá a nílé sì ní irú tiwọn: mùsíọ́mù ní láti lé àwọn kan jáde torí wọ́n ń fọwọ́ pa àwọn òṣèré lára, ọ̀kan nínú àwọn òṣèré náà sì pe mùsíọ́mù lẹ́jọ́ lọ́dún 2024 lórí ohun tó ní ó ṣẹlẹ̀ sí òun níbẹ̀. Abramović àti Ulay ló ni ara wọn ní 1977, àwọn náà ló sì ni ìpinnu láti fara dà á. Ara ẹni tí wọ́n gbà síṣẹ́ kò rí bẹ́ẹ̀. Ilé iṣẹ́ ọnà tó bá fẹ́ tún irú rẹ̀ ṣe gbọ́dọ̀ ní ẹ̀ṣọ́ tó dojú kọ ẹnu ọ̀nà náà gan-an, tí kò kọ̀yìn sí i, kí iye wákàtí òṣèré kọ̀ọ̀kan kéré, kí àmì kan sì wà tí òṣèré lè ṣe láìsọ̀rọ̀ tí ẹ̀ṣọ́ á fi mọ̀ pé ó ti tó.

Ẹ jẹ́ ká padà sídìí àga. Wákàtí 736 àti ààbọ̀ ló fi jókòó ní MoMA lápapọ̀, àwọn tó jókòó síwájú rẹ̀ sì lé ní 1,500. Kò ṣàdédé bọ́ láti ojú ọ̀run. Láàárín 1981 sí 1987, òun àti Ulay máa ń jókòó báyìí sí ìdí tábìlì kan, wọn kò sọ̀rọ̀, wọn kò mira, àádọ́rùn-ún ọjọ́ lápapọ̀ ní oríṣiríṣi ìlú. Òǹwòran kàn ń wò wọ́n ni. Ohun tó yí padà ní 2010 ni pé ó gbé Ulay kúrò, ó sì fi àga rẹ̀ sílẹ̀ fún ayé. (Ulay náà wá jókòó ní ọjọ́ ìṣíde, Abramović sì na ọwọ́ sí i lórí tábìlì. Fídíò yẹn ni ọ̀pọ̀ èèyàn fi mọ iṣẹ́ náà. Ó wọni lọ́kàn lóòótọ́, àmọ́ ìgbà kan ṣoṣo tó fi ọwọ́ ara rẹ̀ rú òfin rẹ̀ ni ẹ ń wò yẹn. Ẹ má fi ṣe àpẹẹrẹ.)

Ohun tó ń ṣiṣẹ́ jù níbẹ̀, àwọn èèyàn kì í sábà dárúkọ rẹ̀. Bí ẹnì kan bá ti dìde, Abramović á tẹrí ba, á dijú. Ẹni tuntun á jókòó, á gbára dì, ìgbà yẹn ni orí máa wá gbé sókè díẹ̀díẹ̀ tí ojú á sì là. Láìsí ìtẹríba yẹn, ojú tí wọ́n fi wo ẹni àná ni wọ́n máa fi wo ẹni òní, ẹni tó jókòó á sì rí i kíá pé òun kàn jẹ́ nọ́ńbà kan lórí ìlà ni.

Ojú fúnra rẹ̀ ní iṣẹ́ tó ń ṣe. Èèyàn kò lè tẹjú mọ́ ojú méjèèjì ẹlòmíràn lẹ́ẹ̀kan náà. Ọ̀kan ló máa wò, á sì máa sáré láàárín méjèèjì títí tí á fi rẹ̀ ẹ́. Tó bá wá tẹjú mọ́ ibì kan láìyẹ̀, ohun tó wà létí ibẹ̀ á bẹ̀rẹ̀ sí í pòórá, torí apá tó ń gba ìmọ́lẹ̀ nínú ojú ti sú ohun tí kò yí padà, ọpọlọ á sì máa fi ohun tirẹ̀ dí àlàfo náà. Ìdí nìyí tí ojú ẹni tí à ń wò fi máa ń yí padà, tó lè dúdú, tó lè jọ ti ẹlòmíràn. Kì í ṣe iwin, kì í ṣe agbára Marina. Ẹkún ni a kò lè fi ojú tó rẹ̀ ṣàlàyé tán. Àwòrán àwọn tó jókòó, tí Marco Anelli yà lọ́kọ̀ọ̀kan tó sì kọ iye ìṣẹ́jú tí kálukú lò sí i, kún fún omijé, bẹ́ẹ̀ àwọn tó jókòó fún ìṣẹ́jú díẹ̀ péré náà wà nínú wọn.

Ibi tí ètò náà ti kù díẹ̀ káàtó ni ìlà àwọn tó ń tò láti jókòó. Òfin tó ní ìgbà tó bá wu ẹni ló máa dìde, ọ̀làwọ́ ni fún ẹni tó jókòó, ìkà ni fún ẹni tó dúró. Àwọn kan jókòó láti àárọ̀ títí wọ́n fi tilẹ̀kùn, gbogbo àwọn tó wà lẹ́yìn wọn sì lọ sílé lọ́wọ́ òfo. Àwọn èèyàn bẹ̀rẹ̀ sí í sun ìta mùsíọ́mù. Ibi tí èèyàn bá sì ti sun ìta kó tó jókòó, ó ti ní èrò lọ́kàn pé nǹkan ńlá gbọ́dọ̀ ṣẹlẹ̀. Ẹnì kan tiẹ̀ bọ́ aṣọ rẹ̀ kó tó jókòó, àwọn ẹ̀ṣọ́ sì mú un jáde. Ká ní wọ́n ti pín àkókò sí méjì, kí ààrọ̀ wà fún ẹni tó fẹ́ jókòó pẹ́, kí ọ̀sán wà fún ìṣẹ́jú díẹ̀díẹ̀, ìbá sàn. Ní ti tábìlì, ó ní kí wọ́n gbé e kúrò nígbà tí iṣẹ́ náà ń lọ sópin, ó sì tọ̀nà. Tábìlì ń fi ọwọ́ àti orúnkún pamọ́, ọwọ́ sì ni ẹ̀rù kọ́kọ́ máa ń hàn lára rẹ̀. Àga tí kò ní apá ni àṣìṣe: èjìká kò rí ohun tó máa gbé e ró, ó ń wọ́ sísàlẹ̀, ẹ̀yìn àti egungun ìhà ló sì ń san gbèsè rẹ̀. Ẹni tó bá fẹ́ jókòó ju wákàtí kan lọ, kó wá àga tó ní apá.

Lára àwọn iṣẹ́ tí kò fi nǹkan kan sí òǹwòran lọ́wọ́, méjì kan ṣì dúró gbọn-in. Ní Venice lọ́dún 1997, ó jókòó láàárín òkìtì egungun màlúù, ó ń fọ ẹ̀jẹ̀ kúrò lára wọn fún ọjọ́ mẹ́rin, nítorí ogun tó jà ní ilé rẹ̀ ní Balkan. Ó gba ẹ̀bùn Golden Lion. Imú ni òǹwòran fi kópa níbẹ̀: oòrùn mú, òórùn gbilẹ̀, kí ẹ dúró tàbí kí ẹ sá ló kù. Lọ́dún 2002 ní gálárì Sean Kelly ní New York, ó gbé orí pèpéle mẹ́ta tí wọ́n kàn mọ́ ara ògiri fún ọjọ́ 12, omi nìkan ló ń mu, ọ̀bẹ ni wọ́n fi ṣe àtẹ̀gùn àkàbà tó wà níbẹ̀. Ó wo àwọn tó ń wò ó, ojú sí ojú, àwọn kan sì ń padà wá lójoojúmọ́.

Ẹ wá fi èyí wé The Life, tó gbé wá sí gálárì Serpentine ní London lóṣù kejì ọdún 2019. Wọ́n á fi awò kọ̀ǹpútà sí yín lójú, ẹ ó dúró yí àyè róbótó kan ká, Abramović aláṣọ pupa tí kì í ṣe èèyàn á máa rìn láàárín yín, á hàn, á pòórá. Ìṣẹ́jú 19. Iṣẹ́ ẹ̀rọ náà dára, àmọ́ àwòrán yẹn kò rí yín. Ẹ lè rẹ́rìn-ín, ẹ lè sùn, kò kàn án. Ohun tí ìyá yìí ní tí ẹlòmíràn kò ní, ìyẹn pé ó wà níbẹ̀, òun gan-an ni wọ́n yọ kúrò. Nínú gbogbo iṣẹ́ rẹ̀, èyí la lè sọ pé kí ẹ fò.

Ọdún márùn-ún ṣáájú ìyẹn, ní Serpentine kan náà, ó ti ṣe 512 Hours. Láti June 11 sí August 25, 2014, aago mẹ́wàá àárọ̀ sí mẹ́fà ìrọ̀lẹ́, ọjọ́ mẹ́fà lọ́sẹ̀: wákàtí mẹ́jọ lọ́nà 64. Kò ju 160 èèyàn lọ tí wọ́n ń gbà wọlé lẹ́ẹ̀kan. Báàgì, fóònù àti aago ọwọ́, gbogbo rẹ̀ ni ẹ máa tì mọ́ inú kọ́bọ́ọ̀dù lẹ́nu ọ̀nà. Wọ́n á fún yín ní ohun ìbotí tí kì í jẹ́ kí ariwo wọlé. Òun tàbí àwọn olùrànlọ́wọ́ rẹ̀ tó wọ dúdú á di yín lọ́wọ́ mú, wọ́n á mú yín lọ síbi pèpéle tó ga díẹ̀, wọ́n á ní kí ẹ dijú. Ó tán. Ìgbà tó ń lọ, àga tó kọjú sógiri dé, ibùsùn dé, ìrìn pẹ̀lẹ́ dé, ìrẹsì náà dé.

Àṣìṣe tí ọ̀pọ̀ ṣe níbẹ̀ ni pé Marina ni wọ́n wá wò. Wọ́n á dijú ní ìdajì, wọ́n á máa fi ojú wá a káàkiri yàrá. Ìyẹn kò ní rí nǹkan kan, torí ẹni tí wọ́n tìtorí rẹ̀ wá ti di ẹni tó ń gbé àga. Àwọn tó dúró ṣanṣan bí ọ̀pá lórí pèpéle náà ní ìṣòro tiwọn: orúnkún tó bá le gbagidi kì í jẹ́ kí iṣan ẹsẹ̀ ti ẹ̀jẹ̀ padà sókè dáadáa, ẹ̀jẹ̀ á pọ̀ sísàlẹ̀, ojú á ṣú, èèyàn á ṣubú. Kí orúnkún rọ̀ díẹ̀, kí ìka ẹsẹ̀ máa tẹ ilẹ̀ lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan, ó ti tó.

Ìrẹsì ló yẹ ká dúró tì. Wọ́n á da ìrẹsì funfun àti ẹ̀wà lẹ́ńtìlì dúdú pọ̀ síwájú yín, wọ́n á fún yín ní bébà àti pẹ́ńsù: ẹ yà wọ́n sọ́tọ̀, ẹ ka iye hóró méjèèjì, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀. Ó dà bí eré ọmọdé títí ẹ ó fi ṣe ìṣirò rẹ̀. Ẹgbẹ̀rún kan hóró ìrẹsì tí wọ́n ti bó wọn bíi gíráàmù 20. Ọgọ́rùn-ún gíráàmù, tí kò kún àtẹ́lẹwọ́ méjì, ti jẹ́ nǹkan bíi 5,000 hóró nìyẹn. Bí ẹ bá ń ka hóró kan ní ìṣẹ́jú àáyá kan láìsinmi, wákàtí kan àti ìṣẹ́jú mẹ́tàlélógún ni, lẹ́ńtìlì kò tíì sí níbẹ̀, yíyà sọ́tọ̀ kò sí níbẹ̀. Wákàtí mẹ́fà tí wọ́n máa ń dá fún iṣẹ́ yìí nínú ìdánilẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀ kì í ṣe àsọdùn.

Àwọn tó ń kà á tí wọ́n ń jáwọ́, bákan náà ni wọ́n ṣe ń ṣe é. Wọ́n á bẹ̀rẹ̀ sí í kà láìtíì yà á tán. Wọ́n á fi ẹnu kà á láìsí àmì, wọ́n á dé 740 tàbí 750, ẹnì kan á húkọ́, ó di àkọ́bẹ̀rẹ̀. Ẹ̀là ìrẹsì á sì bá wọn lójijì: ṣé hóró ni tàbí kì í ṣe hóró? Ẹ pinnu ìyẹn kí ẹ tó fọwọ́ kan nǹkan kan. Èyí tí kò bá tó ìdajì, ẹ má kà á. Ẹ to mẹ́wàá mẹ́wàá sórí ìlà, ìlà mẹ́wàá di ọgọ́rùn-ún, ẹ fi ẹ̀gbẹ́ ọwọ́ gbá a sí apá òsì, ẹ fa ìlà kan sórí bébà. Ẹ má ṣe é lórí tábìlì tó ń dán, torí hóró á máa yọ̀; aṣọ dúdú tí kò ní irun ló dára jù. Ní nǹkan bí ogójì ìṣẹ́jú, inú á bẹ̀rẹ̀ sí í bí yín sí ìrẹsì. Ohun tí ìdánrawò náà wà fún nìyẹn, kì í ṣe àmì pé ẹ kò mọ̀ ọ́n ṣe. Ìka ni ẹ máa fi mọ̀ pé ó ti kọjá: kò ní máa já hóró gbà mọ́, á máa gbé e.

Ìdánilẹ́kọ̀ọ́ tí àjọ rẹ̀ ń ṣe ní Gíríìsì, ọjọ́ márùn-ún láìjẹun, láìsọ̀rọ̀, láìsí fóònù, irú nǹkan wọ̀nyí ló kún inú rẹ̀: kí èèyàn fi wákàtí kan kọ orúkọ ara rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan láìgbé bírò kúrò lórí bébà, kó máa ṣílẹ̀kùn kó máa tì í pẹ̀lẹ́ láìwọlé láìjáde. Ẹni tó ní ìtọ̀ ṣúgà tàbí ọgbẹ́ inú, tàbí tó ń lo oògùn tí wọ́n ń fi oúnjẹ lò, kó má dán an wò láìbá dókítà rẹ̀ sọ̀rọ̀. Àpapọ̀ káàdì ìlànà 30 tí wọ́n gbé jáde ní 2022 wà fún ẹni tí kò lè lọ. Ohun tó wà nínú rẹ̀ kò burú, àmọ́ káàdì kò lè gba fóònù lọ́wọ́ yín, ìdajì iṣẹ́ náà sì ni gbígba fóònù.

Ilé tó fẹ́ kọ́ fún àjọ náà ní Hudson, ní ìpínlẹ̀ New York, ọ̀rọ̀ ìyẹn kò gùn. Ní 2013 àwọn èèyàn tó lé ní 4,700 dá owó tó lé ní $660,000 lórí Kickstarter, ìkànnì tí wọ́n fi ń dá owó jọ, fún ètò rẹ̀. Ní 2017 wọ́n kéde pé kò ní ṣeé kọ́ mọ́ torí iye tó máa ná wọn ti pọ̀ jù. Àjọ ṣì wà, ilé kò sí. Nínú gbogbo ohun tó ti béèrè lọ́wọ́ òǹwòran rẹ̀, àfiyèsí àti àkókò ló mọ̀ ọ́n lò jù. Owó kò sí lára rẹ̀.

Ó mọ ìwọ̀n àkókò náà dáadáa. Níbi ayẹyẹ orin Glastonbury, ní Ìlú Ọba, ní June 28, 2024, níwájú èrò tí ojú kò lè ká, ó ní kí kálukú gbé ọwọ́ lé èjìká ẹni tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ kó sì dákẹ́ fún ìṣẹ́jú méje. Wọ́n dákẹ́. Ká ní ó sọ pé ìṣẹ́jú ogún, àwọn tó wà lẹ́yìn á ti máa sọ̀rọ̀. Ká ní kò sọ̀rọ̀ nípa èjìká, ọwọ́ á ti lọ sínú àpò, fóònù á sì yọ jáde.

Ẹni tó bá fẹ́ dán àga wò pẹ̀lú ẹnì kan nílé, ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún tó fún ìgbà àkọ́kọ́. Àga méjì tí kò ní táyà, kí orúnkún sí orúnkún jìnnà síra ní nǹkan bíi mítà kan. Kí ìmọ́lẹ̀ wá láti ẹ̀gbẹ́, kó kan ojú méjèèjì. Tó bá wà lẹ́yìn ẹnì kan, ojú ẹni yẹn á dúdú, ẹnì kejì á kàn máa wo òjìji. Kí fóònù wà ní yàrá mìíràn, kí ẹlòmíràn di aago mú. Ẹ yan ojú kan, òsì tàbí ọ̀tún, ẹ máa wò ó, ẹ sì máa ṣẹ́jú bó ṣe yẹ, torí ìdíje kọ́. Ẹ̀rín á wá láàárín ìṣẹ́jú méjì àkọ́kọ́, ẹ gbójú sílẹ̀, ẹ tún bẹ̀rẹ̀. Ẹ ti fẹnu kò sí àmì kan tẹ́lẹ̀, bí àpẹẹrẹ kí ẹnì kan dojú ọwọ́ délẹ̀ lórí itan rẹ̀, tí ẹnì kejì bá ti rí i kó dìde láìbéèrè ìdí. Bí aago bá dún láìsí àmì yẹn, ẹ má fò dìde. Ẹ tẹrí ba, ẹ dijú, ẹ jẹ́ kí ẹnì kejì kọ́kọ́ kúrò lórí àga.